Alángbá Onírùngbọ̀n Tó Bá Mi Gbé ní Bantè

Ọjọ́ kẹta tí mo dé Bantè ni mo kọ́kọ́ sunkún, bẹ́ẹ̀ kò sẹ́ni tó ṣẹ̀ mí. Iyọ̀ ni mo lọ rà. Obìnrin tó ń ta iyọ̀ kí mi, mo dá a lóhùn, ló bá rẹ́rìn-ín, ó sì pe aládùúgbò rẹ̀ kó wá gbọ́ bí mo ṣe ń sọ̀rọ̀. Wọn kò fi mí ṣe yẹ̀yẹ́ o, inú wọn ń dùn ni. “Ó ń sọ̀rọ̀ bíi rédíò,” ni aládùúgbò náà wí. Mo gbé iyọ̀ mi délé, mo jókòó sẹ́yìn ilẹ̀kùn, mo sunkún.

Ohun tó dùn mí ni pé mo ti fọkàn sí i pé èdè kọ́ ni yóò yọ mí lẹ́nu. Ní Ìsẹ́yìn ní Nàìjíríà, níbi tí mo ti sọdá ààlà wá, gbogbo ẹni tó mọ ọ̀nà ibí yìí ló ní ọmọ ìyá wa ni wọ́n, pé Ìṣà tí wọ́n ń sọ ní Bantè àti Yorùbá tiwa, ọmọ ilé kan náà ni wọ́n. Òótọ́ ni. Ṣùgbọ́n aránṣọ ni mí, mo sì mọ bó ṣe máa ń rí bí èèyàn bá wọ ẹ̀wù tó jọ tirẹ̀, tó wá rí i pé apá òdìkejì ni bọ́tìnnì wà. Ẹ̀wù náà gbà ọ́, àmọ́ ọwọ́ rẹ kò mọ ibi tí yóò gbá mú. Bí mo bá sì ti kúrò nínú Ìṣà, Faransé ni mo bọ́ sí, ní ilé ìwé, ní ọ́fíìsì ìjọba, lára ògiri ilé ìwòsàn. Bí mo bá lọ ra òwú àti síìpù ní Savalou, Máhì, èdè tí n kò gbọ́ rárá, ni wọ́n ń sọ lọ́tùn-ún lósì.

Iṣẹ́ ló gbé mi wá. Obìnrin kan tó ń rán aṣọ àwọn akẹ́kọ̀ọ́ ní Bantè ló ń wá ẹni tó mọ aṣọ kákì í rán, ẹnì kan tó mọ̀ mí sì dárúkọ mi fún un. Ọ̀gá mi yìí gbà kí n máa gbé ìránṣọ sílé. Ilé Tàǹtí Mónìkì ni mo gba yàrá sí. Tàǹtí ti ṣe tíṣà títí ó fi fẹ̀yìn tì, ọmọ ìjọ Àgùdà ni, ó sì gbà pé kò sí ohun téèyàn ò lè mọ̀ bí a bá fi sùúrù kọ́ ọ. Yàrá tó dojú kọ tèmi ni Lídà Simeónì ń gbé. Ó ń fi alùpùpù gbé èrò láàrin Bantè àti Pira, ṣùgbọ́n bó bá di ọjọ́ Ìsinmi, aṣọ funfun ló máa wọ̀, á bọ́ bàtà sílé, á gba ṣọ́ọ̀ṣì wọn lọ, níbi tí wọ́n ti fi í joyè Lídà. Èèyàn jẹ́jẹ́ ni àwọn méjèèjì. Wọ́n á kí mi láàárọ̀, èmi náà á kí wọn, kálukú á sì gba ibi iṣẹ́ rẹ̀ lọ. Èmi àti ẹ̀rọ ìránṣọ mi á wá wà ní fàráńdà títí oòrùn á fi wọ̀. Ọjọ́ mìíràn wà tó jẹ́ pé ìkíni àárọ̀ yẹn nìkan ni ọ̀rọ̀ tó máa jáde lẹ́nu mi.

Ìyá mi máa ń pè mí lórí fóònù ní gbogbo ọjọ́ Sátidé.

“Ṣé ò ń jẹun?”

“Mò ń jẹun, Ìyá mi. Gààrì Savalou dáa ju tiwa lọ.”

“Má sọ bẹ́ẹ̀ sétí mi. Ta lò ń bá sọ̀rọ̀ níbẹ̀?”

“Mo ní àwọn tí mò ń bá sọ̀rọ̀.”

Irọ́ ni mo pa. N kò sì fẹ́ràn láti máa parọ́ fún ìyá mi.

Oṣù kẹrin mi ni Rosine, ọmọ Tàǹtí Mónìkì, dé láti Savalou pẹ̀lú ọkọ rẹ̀. Ọkọ rẹ̀ gbé àpótí gíláàsì ńlá kan sọ̀ kalẹ̀ látinú mọ́tò. Nígbà tí mo yọjú wò ó, alángbá ni mo bá níbẹ̀. Kì í ṣe irú èyí tó ń sáré lórí ògiri wa o. Ó gùn tó apá mi láti ìgbọ̀nwọ́ dé ìka, ó pọ́n ráúráú bí iyanrìn, orí rẹ̀ ní igun mẹ́ta, ẹ̀gún kéékèèké sì yí abẹ́ àgbọ̀n rẹ̀ ká bí irùngbọ̀n àgbàlagbà. Ojú rẹ̀ kò kúrò lára mi.

“Basílì lorúkọ rẹ̀,” ni Rosine wí.

“Orúkọ ẹni mímọ́ ni wọ́n fi sọ alángbá,” ni Tàǹtí dáhùn. Ó jọ pé kì í ṣe ìgbà àkọ́kọ́ tó máa sọ ọ́ nìyẹn.

Rosine kò sún mọ́ àpótí náà. Ó jókòó sí ìkángun fàráńdà lọ́hùn-ún, ó fi ọwọ́ lé ikùn, ó sì ṣàlàyé. Ìlú Faransé ló ti kàwé, ibẹ̀ ló ti ra Basílì nígbà tó ń dá gbé yàrá kan tí kò sẹ́ni tó ń kan ilẹ̀kùn rẹ̀. Nígbà tó ń padà bọ̀ wálé, ó gba ìwé àṣẹ, ó sì mú un dání. Ní báyìí, ó ti lóyún. Ẹ̀ẹ̀mejì ni oyún ti bàjẹ́ mọ́ ọn lára rí.

“Dókítà ní kí n má fọwọ́ kàn án mọ́,” ló wí. “Kòkòrò àìsàn kan máa ń wà lára irú ẹranko báyìí. Kì í ṣe òun fúnra rẹ̀ ní nǹkan, ṣùgbọ́n ó lè ṣe aboyún ní jàǹbá, ó sì lè ṣe ọmọ tó wà nínú. Ọkọ mi ní ká tú u sílẹ̀ sínú igbó. Ẹ̀gbọ́n, inú ilé ni wọ́n bí i sí. Kò mọ ohun tó ń jẹ́ igbó. Kò ní í lò ju ọ̀sẹ̀ kan lọ.”

Tàǹtí Mónìkì wò mí. “Ọwọ́ tèmi ti ń gbọ̀n, ọmọ mi. Ìwọ lo sì máa ń wà nílé lójúmọmọ.”

Ẹ̀rù alángbá ń bà mí láti kékeré. Mo la ẹnu láti sọ bẹ́ẹ̀, ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ yàrá tí ẹnikẹ́ni kì í kan ilẹ̀kùn rẹ̀ ti wọ̀ mí lára. Mo gbọ́ tí mo sọ pé kò burú.

Ìwé kékeré kan ni Rosine fi sílẹ̀, gbogbo ìlànà ìtọ́jú Basílì ló wà nínú rẹ̀ ní Faransé. N kò lè ka Faransé, nítorí náà Tàǹtí gbé àga rẹ̀ wá sẹ́gbẹ̀ẹ́ mi láàárọ̀ ọjọ́ kejì, ó wọ awò ojú, ó ń ka gbólóhùn kan, ó ń túmọ̀ rẹ̀, lẹ́yìn náà ó ní kí n tún un pè. Bí mo bá ṣì í pè, a óò padà sí ìbẹ̀rẹ̀. Bí mo ṣe bẹ̀rẹ̀ sí í kọ́ Faransé nìyẹn, lẹ́nu ọ̀rọ̀ alángbá. Kí n tó mọ bí wọ́n ṣe ń béèrè ọ̀nà lédè náà, mo ti mọ bí wọ́n ṣe ń sọ pé kí o fọ ọwọ́ rẹ pẹ̀lú ọṣẹ kí o tó fọwọ́ kàn án àti lẹ́yìn tí o bá fọwọ́ kàn án tán. Mo mọ̀ pé a kì í gbé e wọ ilé ìdáná, pé a kì í fẹnu kò ó lẹ́nu, pé abọ́ rẹ̀ kò gbọdọ̀ bá abọ́ èèyàn pàdé. Mo mọ̀ pé oúnjẹ rẹ̀ kò gbọdọ̀ tóbi ju àlàfo tó wà láàrin ojú rẹ̀ méjèèjì, pé tànnátànná kan ṣoṣo tó bá gbé mì lè pa á. Ọ̀rọ̀ tí Tàǹtí sì tẹnu mọ́ jù ni “dúsúmáà”, ìyẹn pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́.

N kò fi ti dúsúmáà ṣe. Ní ọjọ́ kejì yẹn kan náà, mo rò pé bí mo bá tètè ṣe é, ẹ̀rù náà á tètè tán. Mo ti ọwọ́ bọ àpótí láti òkè kí n gbé e. Basílì wú, ó la ẹnu, irùngbọ̀n rẹ̀ dú bí èédú, ó sì mí hàà bí ìgbà tí afẹ́fẹ́ ń jáde lára táyà. Nígbà tí mo máa fi mọ ohun tí mò ń ṣe, orí tábìlì ìránṣọ ni mo bá ara mi. Tàǹtí rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú rẹ̀.

“Ta ló ń ti òkè wá gbé alángbá?” ló bi mí.

“Àṣá, mà.”

“Ṣé àṣá ni ọ́?”

Láti ìgbà náà, mo ń fi ọwọ́ sílẹ̀ nínú àpótí rẹ̀, nílẹ̀, lẹ́gbẹ̀ẹ́, níbi tó ti lè rí i. N kò ní ṣe nǹkan kan. Màá kàn gbé ọwọ́ síbẹ̀ fún ìwọ̀n ìgbà tí èèyàn fi ń sé etí aṣọ kan, màá sì mú un kúrò. Ṣùgbọ́n irùngbọ̀n rẹ̀ ń dú síbẹ̀. Ó wá burú jù ní ti pé kò jẹun. Mo gé ewé mọ̀ríńgà fún un, mo gé elégédé wẹ́wẹ́, kò wò ó. Mo da kòkòrò gbígbẹ tí Rosine kó wá sílẹ̀, ó yí ojú kúrò. Ọjọ́ mẹ́fà kọjá báyìí. Rosine ń fi fóònù béèrè rẹ̀ lójoojúmọ́, mo sì ń bẹ̀rù kí n sọ òótọ́ fún aboyún tí dókítà ní kó máa sinmi.

Lídà Simeónì kò fẹ́ràn ọ̀rọ̀ Basílì láti ìbẹ̀rẹ̀. Ó ti sọ ọ́ pé ẹranko tó ń yí àwọ̀ padà, tó sì máa ń gbé ọwọ́ kan sókè bí ẹni ń kí èèyàn, kò mọ́ lójú òun. Ṣùgbọ́n ní ọjọ́ keje, ó gbé alùpùpù rẹ̀ dúró, ó na ìgò kan sí mi. Tata ló kún inú rẹ̀, wọ́n ń ta pọ́npọ́n.

“Mo gbọ́ pé kò jẹun,” ló wí. “Mo gbé èrò lọ sí Akpassi, mo bá a mú ìwọ̀nyí nínú oko kajú.”

Ẹ̀bùn àkọ́kọ́ tí ẹnikẹ́ni fún mi láti ìgbà tí mo ti dé nìyẹn. Ó tún wá ti ọwọ́ ẹni tó ń bẹ̀rù ẹranko náà wá. Mo gba ìgò náà, mo dúpẹ́, ọ̀rọ̀ inú ìwé Rosine wá sọ sí mi lọ́kàn.

“Lídà, ẹ jọ̀wọ́, ṣé wọ́n ti fín oògùn sí oko yẹn?”

“Wọ́n fín in níjẹta. Kí ló dé?”

N kò mọ bí mo ṣe máa sọ ọ́. Mo sọ ọ́ ṣá, pé oògùn tí tata jẹ, tí kò tíì pa tata, ó lè pa ẹni tó bá jẹ tata. Lídà gba ìgò rẹ̀ padà, ó wọlé. Lọ́jọ́ kejì, ó kí mi bí ẹni tó ń kí òpó.

Sátidé nìyẹn. Nígbà tí ìyá mi pè, n kò lè parọ́ mọ́. Mo sọ gbogbo rẹ̀ fún un, àti ti alángbá, àti ti Lídà, àti pé n kò ní ẹnikẹ́ni tí mò ń bá sọ̀rọ̀.

Ó bi mí pé, “O fi Ìsẹ́yìn sílẹ̀ nítorí àtilọ tọ́jú alángbá?”

“Bẹ́ẹ̀ ni, Ìyá mi.”

“Ó dáa. Ìwọ náà sì mọ̀ pé gbogbo alángbá ló danú délẹ̀, a ò mọ èyí tínú ń run. Jókòó tì í, kí o wò ó dáadáa. Má wo ara rẹ.”

Mo pa ẹ̀rọ tì, mo jókòó, mo wò ó. Nígbà tí mo jìnnà, àwọ̀ rẹ̀ mọ́. Bí mo bá tẹ̀ síwájú, á dú. Ṣùgbọ́n nígbà tí Tàǹtí sún mọ́ ọn, kò dú. Tàǹtí tún sún mọ́ ọn sí i, kò dú. Mo bẹ̀rẹ̀ sí í wo ohun tí mo ní tí Tàǹtí kò ní. Ọrùn mi ni mo wò kẹ́yìn. Tépù ìwọnṣọ mi wà níbẹ̀, èyí tí mo máa ń fi kọ́rùn láti àárọ̀ títí di alẹ́, ó pupa, ó gùn, ó sì ń fì síwájú sẹ́yìn bí mo bá bẹ̀rẹ̀. Ní ojú alángbá, ejò ni mo ń gbé wá bá a lójoojúmọ́ tí mo tún ń bẹ̀ ẹ́ pé kó jẹun.

Mo bọ́ tépù náà, mo sọ ọ́ sínú yàrá. Mo já òdòdó elégédé kan lẹ́yìnkùlé, mo fi omi ṣàn án, mo gbé e sórí àtẹ́lẹwọ́ mi nílẹ̀ àpótí. Ó pẹ́. Ẹsẹ̀ mi ti kú tán kí Basílì tó sún síwájú. Ó fi orí ahọ́n tọ́ òdòdó náà wò, ó fà sẹ́yìn díẹ̀, ó sì bù ú jẹ. Tàǹtí Mónìkì ṣe àmì àgbélébùú sí ara rẹ̀, ó ní òun kò ṣe é nítorí alángbá o.

Ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ náà ni mo lọ kan ilẹ̀kùn Lídà. Mo sọ fún un pé Basílì ti jẹun, pé yóò sì nílò ìrẹ̀ tí kò mọ oògùn, tí a sin fúnra wa, ṣùgbọ́n n kò mọ̀ ọ́n sìn. Ó wò mí, ó wo ilẹ̀.

“Kí ni ìrẹ̀ ń jẹ?” ló bi mí.

Láàárín oṣù méjì, ike ńlá mẹ́ta ló wà ní yàrá Lídà, tó fi páálí ẹyin sí inú wọn, tó ń fún àwọn ìrẹ̀ inú wọn ní kárọ́ọ̀tì. Ó máa ń ráhùn pé wọn kì í jẹ́ kí òun gbọ́ àdúrà ara òun. Bí mo bá sì ní kó kó wọn wá sọ́dọ̀ mi, kì í gbà.

Díẹ̀díẹ̀ ni Basílì bẹ̀rẹ̀ sí í gùn mí lọ́wọ́. Mo kọ́ láti gbé e pẹ̀lú ọwọ́ méjèèjì, kí àyà rẹ̀ àti ẹsẹ̀ rẹ̀ mẹ́rẹ̀ẹ̀rin ní ibi tí wọ́n fi ara tì, kí n má fa ìrù rẹ̀, kí n dá a padà kí ó tó sú u. Bí iná bá lọ, tí gílóòbù tó ń mú àpótí rẹ̀ móoru kú, màá gbé e jáde sí oòrùn àárọ̀, ṣùgbọ́n n kò jẹ́ gbé àpótí gíláàsì náà sínú oòrùn, torí ìkòkò lórí ààrò nìyẹn. Mo fi àjákù aṣọ kákì rán ẹ̀wù kékeré kan fún un, mo fi aṣọ rírọ̀ sí inú rẹ̀, mo so okùn mọ́ ọn kó má baà sá lọ. Láti ọjọ́ náà ni àwọn ọmọ ilé ìwé tó ń kọjá ti ń dúró wo akẹ́kọ̀ọ́ ẹlẹ́sẹ̀ mẹ́rin. Àwọn òbí wọn tẹ̀ lé wọn wá. Ẹni tó bá fẹ́ fọwọ́ kàn án, Tàǹtí á ní kó kọ́kọ́ lọ síbi omi àti ọṣẹ, kó sì padà síbẹ̀ bó bá ṣe tán. Obìnrin oníyọ̀ náà wá. Ó fi ìka kan kan ẹ̀yìn Basílì, ó yà á lẹ́nu pé kò tutù. Ó jókòó, a sọ̀rọ̀ títí, èmi ní tèmi, òun ní tirẹ̀, n kò sì rántí ìgbà tí mo dẹ́kun àtimáa ronú kí n tó dáhùn.

Ọ̀sán kan, Basílì na ara lé apá mi, ó pa ojú dé, ó sùn. Mo ya fọ́tò rẹ̀, mo fi ránṣẹ́ sí Rosine, mo sì bi í bóyá alángbá lè fẹ́ràn èèyàn.

“Kì í ṣe ìfẹ́ bíi tiwa,” ló fèsì. “Ó kàn mọ̀ pé níbi tí ẹ bá wà, ewu kò sí.”

Mo ro ọ̀rọ̀ yẹn fún ọjọ́ púpọ̀. Nígbà tí mo ń bọ̀ wá sí Bantè, mo rò pé kí wọ́n fẹ́ràn mi ni mo nílò. Ìfẹ́ ni mò ń wá lójú gbogbo ẹni tó kí mi, bí n kò bá sì rí i, màá padà sẹ́yìn ilẹ̀kùn. N kò mọ̀ pé ohun kan wà tó máa ń ṣáájú rẹ̀, pé kí àwọn èèyàn mọ ìrìn rẹ, kí wọ́n má dìde nítorí pé o wọlé.

Rosine bí obìnrin ní Savalou, tìyá tọmọ wà ní àlàáfíà. Tàǹtí lo oṣù kan gbáko lọ́dọ̀ wọn. Nígbà tí ọmọ náà pé oṣù mẹ́ta, Rosine fi í sílẹ̀ fún ọkọ rẹ̀ fún ọjọ́ kan, ó wá sí Bantè. Mo mọ ohun tó wá ṣe. Mo ti fọ àpótí Basílì láti òwúrọ̀, mo sì ti ká ẹ̀wù rẹ̀ pọ̀.

Rosine jókòó sílẹ̀, ó fi ọwọ́ rẹ̀ lélẹ̀. Basílì wò ó. Kò pẹ́ rárá tó fi lọ bá a, ó gun apá rẹ̀ dé èjìká, ó sì fi àgbọ̀n lé ibi tó jọ pé ó ti máa ń fi í lé láti ìgbà tí wọ́n ti jọ wà. N kò ní parọ́, owú jẹ mí. Mo fi ojú sí aṣọ tí mò ń rán, abẹ́rẹ́ gún mi níka.

Wọ́n wà bẹ́ẹ̀ fún bíi wákàtí kan. Lẹ́yìn náà Rosine gbé e padà sínú àpótí, ó lọ fọ ọwọ́ dé ìgbọ̀nwọ́, ó pààrọ̀ ẹ̀wù tó wọ̀, ó wá jókòó tì mí.

“Dókítà ní títí ọmọ á fi tó ọdún márùn-ún, kí òun àti irú ẹranko báyìí má gbé ilé kan náà,” ló wí. “Mo ti ń wá bí mo ṣe máa bẹ̀ yín láti Savalou títí dé ibí. Ẹ̀gbọ́n, ẹ bá mi dì í mú. Màá máa wá kí i.”

“Kí n dì í mú títí di ìgbà wo?”

“Ó wù mí kí ó jẹ́ pé títí ni.”

Mo ní kó jẹ́ kí n rò ó. Àwa méjèèjì mọ̀ pé kò sí ohun tí mo fẹ́ rò. Tàǹtí ti lọ inú ilé lọ gbé oúnjẹ wá.

Ọ̀sẹ̀ tó tẹ̀ lé e, ọkùnrin kan wá láti Djaloukou, ó ń wá ẹni tó máa rán aṣọ fún àwọn ọmọ rẹ̀ kí ilé ìwé tó wọlé. Mo wà nínú yàrá, mò ń fi abẹ́rẹ́ sé etí ṣòkòtò kan. Lídà Simeónì ń fọ alùpùpù rẹ̀ lẹ́nu ọ̀nà. Mo gbọ́ tí ọkùnrin náà kí i, tó béèrè bóyá ibí ni obìnrin àjèjì kan, ọmọ Nàìjíríà tó ń ránṣọ, ń gbé.

“Àjèjì?” ni Lídà wí. “Kò sí àjèjì nínú ilé yìí. Èmi ni mò ń gbé níhìn-ín, Tàǹtí Mónìkì ló nilé, Ìyá Basílì ló sì ń ránṣọ. Bó bá jẹ́ òun lẹ ń wá, ẹ wọlé, ó wà nílé. Ṣùgbọ́n kí n tó pè é, ẹ jẹ́ kí n sọ fún yín, kò sẹ́ni tó mọ kákì rán bíi tirẹ̀ láti ibí títí dé Savalou.”

Ó ń bá ọ̀rọ̀ náà lọ, ó sì ń pọ̀ sí i bó ṣe ń sọ ọ́. Ó yẹ kí n ti dìde. Mo jókòó síbẹ̀, mo dá abẹ́rẹ́ dúró, kí n lè gbọ́ ọ tán.